Ṣẹ̀gilọlá: Ohun Tí Ìlẹ̀kẹ̀ Títò Kọ́ Mi Nípa Orúkọ Yìí

Dò-re-re-mí ni ohùn orúkọ yìí: Ṣẹ̀gilọlá, èyí tó ń sọ pé ìlẹ̀kẹ̀ ṣẹ̀gi ni ọlá. Bí ẹ bá gbé ohùn àkọ́kọ́ sókè, tí ẹ pè é ní Ṣẹ́gilọlá, ẹ ti kúrò lórí ìlẹ̀kẹ̀, ẹ ti wọ inú igbó lọ. Ẹni tó ń ṣẹ́gi, igi ìdáná ló ń wá, orúkọ ọmọ yín yóò sì máa sọ pé igi ìdáná ṣíṣẹ́ ni ọlá. Iṣẹ́ gidi ni iṣẹ́ aṣẹ́gi, kò sí èébú níbẹ̀, àmọ́ kì í ṣe ohun tí ẹ ní lọ́kàn nìyẹn. Àṣìṣe yìí ni mo máa ń gbọ́ jù lẹ́nu àwọn tó ń wá ra ìlẹ̀kẹ̀ fún ọmọ tuntun, pàápàá àwọn tó rí orúkọ náà kà níbi tí wọn kò ti fi àmì sí i.

Àárín orúkọ náà ni ibi kejì tó ń ṣi ni lọ́nà. "Ṣẹ̀gi ni ọlá" ni gbólóhùn tó wà nínú rẹ̀. "Ni" yẹn, ohùn àárín ló ní. Tó bá pàdé "ọlá", á di "lọlá". Dámilọ́lá kò rí bẹ́ẹ̀. "Ní" olóhùn òkè ló wà nínú tirẹ̀, ohùn òkè yẹn ló sì bọ́ sórí "lọ́". Bí ọmọ méjèèjì bá wà ní kíláàsì kan náà, tí wọ́n gé orúkọ wọn kúrú sí Lola, etí tó gbọ́ Yorùbá ṣì lè yà wọ́n sọ́tọ̀: re-mí ni ti ọmọ ṣẹ̀gi, mí-mí ni ti Dámilọ́lá. Ẹni tó bá fẹ́ orúkọ kúkúrú tí kò ní dàrú mọ́ ti ẹlòmíràn, Ṣẹ̀gi ni kó mú. Ó rọrùn lẹ́nu, ìlẹ̀kẹ̀ náà kò sì sọnù nínú rẹ̀.

Ẹ má fi owó túmọ̀ ọlá. Olówó lè má lọ́lá. Ọlá ni kí ìlú mọ ilé tí o ti jáde, kí wọ́n yà fún ọ lọ́nà, kí o wọ ohun tí gbogbo ènìyàn kò lè wọ̀. Ìlẹ̀kẹ̀ tí wọ́n ń rí lọ́rùn ọba, ìjòyè àti àwọn ọmọ ilé ńlá ni ṣẹ̀gi, ìdí nìyẹn tó fi wọ inú orúkọ.

Kí wá ni ṣẹ̀gi fúnra rẹ̀? Ìlẹ̀kẹ̀ gíláàsì aláwọ̀ aró ni. Mo mọ̀ pé ọ̀rọ̀ yìí kì í dùn mọ́ àwọn òbí kan nínú, torí òkúta iyebíye bíi sàfáyà ni wọ́n rò pé ó jẹ́. Ènìyàn ló ṣe ṣẹ̀gi, iná ló sì sè é. Síbẹ̀ ẹni tó sọ pé wọ́n ń wú u nínú ilẹ̀ kò parọ́. Ní Ilé-Ifẹ̀, ibì kan wà tí wọ́n ń pè ní Igbó Olókun, Olókun tó ni òkun tó sì ni ọrọ̀, àwọn ará ìlú sì ti ń gbẹ́ ilẹ̀ ibẹ̀ kiri fún ìlẹ̀kẹ̀ kí awalẹ̀pìtàn kankan tó fẹsẹ̀ tẹ ibẹ̀. Nígbà tí Leo Frobenius, ará Jámánì, dé ní 1910, ó rí kòtò tí àwọn tó ń wá ìlẹ̀kẹ̀ gbẹ́ sílẹ̀, ó sì rí àfọ́kù ìkòkò tí gíláàsì ti yọ́ lẹ̀ mọ́ nínú. Kàkà kó gbà pé baba ńlá àwọn tó ń bá a sọ̀rọ̀ ló ṣe é, Atlantis ló ń wí, ilẹ̀ inú ìtàn àwọn Gíríìkì tí omi òkun bò mọ́lẹ̀. Ó pẹ́ kí wọ́n tó fi ìdánwò kẹ́míkà yanjú ọ̀rọ̀ náà.

Ní 2006 ni àwọn olùwádìí mẹ́ta, Lankton, Akin Ige àti Rehren, gbé ìwádìí jáde tó fi hàn pé wọ́n sè gíláàsì láti orí yanrìn ní gúúsù Nàìjíríà. Lẹ́yìn náà ni awalẹ̀pìtàn Abidemi Babatunde Babalola wa ilẹ̀ Igbó Olókun fúnra rẹ̀, àbájáde rẹ̀ sì jáde ní 2017 àti 2018. Ìlẹ̀kẹ̀ gíláàsì tó lé ní 12,000 ló jáde níbẹ̀, pẹ̀lú àfọ́kù ìkòkò ìyọ́gíláàsì tó lé ní 800 àti ọ̀pọ̀ gíláàsì tó dà nù lẹ́nu iṣẹ́. Láàárín nǹkan bí ọdún 1000 sí 1500 ni wọ́n ṣe iṣẹ́ náà. Ohun tó ya gíláàsì Ifẹ̀ sọ́tọ̀ ni pé lime (irú èyí tó ń wá láti ara ìkarahun) àti alumina (irú èyí tó wà nínú amọ̀) pọ̀ nínú rẹ̀. Nínú ìwọ̀n 100, ọ̀kọ̀ọ̀kan wọn máa ń tó 10 tàbí kó jù bẹ́ẹ̀ lọ. Gíláàsì ìgò tí à ń lò lónìí ní lime tó bí 10 lóòótọ́, àmọ́ alumina rẹ̀ kì í sábà ju 1 tàbí 2. Yanrìn tó wá láti ara òkúta àpáta agbègbè Ifẹ̀ ló gbé alumina wọ inú tiwọn; ní ti lime, àwọn olùwádìí mẹ́nu ba ìkarahun ìgbín, nítorí wọ́n rí i nílẹ̀ ibẹ̀. Irú gíláàsì báyìí kì í tètè yọ́, ó ń fẹ́ iná tó le ju 1,000°C lọ, ó sì ń fẹ́ ìkòkò tí irú iná bẹ́ẹ̀ kò ní fọ́. Mímọ ìkòkò tó lè gbà á jẹ́ ìdajì iṣẹ́ náà.

Bí wọ́n ṣe ń sọ gíláàsì di ìlẹ̀kẹ̀ ṣe pàtàkì fún ẹni tó fẹ́ rà á. Wọ́n á fa gíláàsì gbígbóná gùn títí yóò fi di ọ̀pá tẹ́ẹ́rẹ́ tó ní ihò láti ìpẹ̀kun kan dé èkejì. Tó bá tutù, wọ́n á gé e wẹ́wẹ́, wọ́n á sì tún fi iná kan àwọn tí wọ́n bá fẹ́ kí etí rẹ̀ rọ̀. Nítorí pé fífà ni wọ́n fà á, atẹ́gùn tó há sínú gíláàsì náà gùn pẹ̀lú rẹ̀: bí ẹ bá fi awò wò ó, ẹ ó rí i tẹ́ẹ́rẹ́ ní ìdọ́gba pẹ̀lú ihò. Ìlẹ̀kẹ̀ tí wọ́n wé mọ́ irin, ńṣe ni àmì rẹ̀ máa ń yí po. Ní ti àwọ̀ aró, kóbọ́ọ̀tì, ohun kan tí wọ́n ń wà nínú ilẹ̀, ló fún púpọ̀ nínú ìlẹ̀kẹ̀ Ifẹ̀ ní tirẹ̀.

Àwọn ìlẹ̀kẹ̀ Ifẹ̀ yìí kò jókòó sílé. Wọ́n ti rí i ní Gao àti ní Essouk, ní Mali, nínú ilẹ̀ tí àwọn oníṣòwò aṣálẹ̀ ń kọjá nígbà náà. Lẹ́yìn 1500, àwọn Potogí ń ra ìlẹ̀kẹ̀ aláwọ̀ aró kan tí wọ́n ń pè ní kòrí lẹ́bàá odò Forcados, wọ́n á kó o lọ sí Elmina, ní Gánà òde òní, wọ́n á fi gba wúrà. Àwọn onímọ̀ kan so kòrí yẹn mọ́ ṣẹ̀gi. Ní Ifẹ̀ fúnra rẹ̀, ẹ wo ère idẹ ọba tí wọ́n hú ní Ìta Yemòó ní 1957. Láti ọrùn dé àyà, ìlẹ̀kẹ̀ ni, ọwọ́ àti ẹsẹ̀ náà kò gbẹ́yìn. Ẹni tó bá ti rí ère yẹn kò ní bi mí mọ́ pé kí ló so ìlẹ̀kẹ̀ pọ̀ mọ́ ọlá.

Àwọn òbí máa ń béèrè bóyá ilé wọn lè sọ ọmọ ní orúkọ yìí. Ó lè ṣe é. Orúkọ àbísọ ni, kì í ṣe àmútọ̀runwá, kò sì sí ọ̀nà kan pàtó tí ọmọ gbọ́dọ̀ gbà wáyé kó tó jẹ́ ẹ. Kì í ṣe oríkì pẹ̀lú, nítorí náà ọmọ náà ṣì ń retí oríkì tirẹ̀, Àbẹ̀kẹ́ tàbí Àṣàkẹ́ tàbí èyí tó bá wu ìyá àgbà. Iyùnadé, orúkọ mìíràn tó ní ìlẹ̀kẹ̀ nínú, ni mo máa ń ní kí wọ́n dá dúró lé lórí kí wọ́n kọ́kọ́ bi àgbà ilé, torí adé inú rẹ̀ ń tọ́ka sí ìdílé ọba.

Iyùn jẹ́ ọ̀rọ̀ mìíràn pátápátá. Ẹran inú òkun kékeré ló kọ́ ọ, ẹfun bíi ti ìkarahun ni ara rẹ̀, èyí pupa tó lókìkí sì ń wá láti Òkun Mẹditaréníà. Àwọn Potogí kó o wá sí Benin nígbà tí wọ́n dé etí òkun wa, ìlú Torre del Greco lẹ́bàá Naples ní Ítálì sì ṣì jẹ́ ojúko iṣẹ́ iyùn títí di òní. Láti ara rẹ̀ la ti rí Iyùnọlá àti Ọmọníyùn. Ẹ ṣọ́ra pẹ̀lú Ọmọníyùn. Akọ̀wé tó bá yára á kọ Omoniyi, orúkọ mìíràn sì nìyẹn, tó ń sọ̀rọ̀ iyì, tí ọ̀pọ̀ ọkùnrin ń jẹ́. Ó ṣẹlẹ̀ lórí ìwé àwọn tí mo mọ̀ ju ẹ̀ẹ̀kan lọ.

Ní tèmi, n kò rí ìdí tí ilé Yorùbá fi ń sáré sọ ọmọ ní Sapphire tàbí Jade nígbà tí Ṣẹ̀gilọlá wà nílẹ̀ tí ẹnikẹ́ni kò fọwọ́ kàn. Ọmọ ẹni kì í ṣèdí bẹ̀bẹ̀rẹ̀ ká fi ìlẹ̀kẹ̀ sí ìdí ọmọ ẹlòmíràn. Orúkọ náà kò sì wọ́pọ̀ lónìí. Ẹ lè lọ sí ọ̀pọ̀ ilé ẹ̀kọ́ láìrí ẹyọ kan.

Ká wá sọ̀rọ̀ ìwé. Ìlà méjì tó wà nísàlẹ̀ ojú ìwé páásípọ́ọ̀tù, tí ẹ̀rọ ń kà, lẹ́tà A sí Z nìkan ló gbà fún orúkọ, kò gba àmì ohùn tàbí ìkán. Segilola ni yóò jáde níbẹ̀ bó ti wù kí ẹ bẹ̀bẹ̀ tó. Ẹ fara mọ́ ọn, kí ẹ sì rí i pé bẹ́ẹ̀ gan-an ló rí lórí ìwé ẹ̀rí ọjọ́ ìbí, lórí NIN àti ní ilé ẹ̀kọ́. Ohun tó ń fa wàhálà ni kí bàbá kọ Shegilola síbì kan kí ìyá kọ Segilola síbòmíràn. Lẹ́yìn ọdún díẹ̀, ẹ ó máa lọ búra ní kóòtù, ẹ ó máa san owó ìkéde nínú ìwé ìròyìn, kí wọ́n tó gbà pé ọmọ kan náà ni. Ibi tí ẹ ti ní àǹfààní láti fi àmì sí i, bí ìwé ìpè ìsọmọlórúkọ tàbí ìwé tí ẹ kọ sílé, ẹ fi sí i pé: Ṣ oníkán nísàlẹ̀, ẹ̀ tó ní ìkán àti àmì ohùn ìsàlẹ̀, ọ oníkán, lá olóhùn òkè.

Lórí kọ̀ǹpútà, ọ̀fìn kan wà tí ọ̀pọ̀ kò mọ̀. Àwọn kan fi ìkán sábẹ́ Ṣ, àwọn kan fa ìlà kékeré sábẹ́ rẹ̀. Lójú ènìyàn, ọ̀kan náà ni. Lójú ẹ̀rọ, lẹ́tà méjì ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀ ni, ẹni tó bá fi èyí wá ọ̀hún kò ní rí i. Bákan náà, ẹ̀ kì í ṣe lẹ́tà ẹyọ kan nínú ẹ̀rọ: ẹ ni, tí àmì ohùn dúró lọ́tọ̀ tẹ̀ lé e. Fọ́ọ̀mù tí kò mọ èyí á fi àpótí òfìfo tàbí àmì ìbéèrè dípò rẹ̀. Ẹ kọ́kọ́ tẹ̀ ẹ́ wò kí ẹ tó fi ránṣẹ́ fún ẹni tó fẹ́ tẹ orúkọ sára kéèkì tàbí aṣọ.

Àwọn tó wà ní ìlú òyìnbó ní ìṣòro tiwọn. Tíṣà tí kò gbọ́ Yorùbá yóò rí "gi" láàárín, yóò sì pè é bí "ji". Ẹ sọ fún un lọ́jọ́ àkọ́kọ́ pé g inú orúkọ Gift ni. Ó máa ń yé wọn kíákíá ju àlàyé ohùn lọ. Ohùn, ilé ni ọmọ yóò ti kọ́ ọ.

Ìlẹ̀kẹ̀ tó máa bá orúkọ náà rìn ló gba ọgbọ́n jù. Ṣẹ̀gi kò sí lára ohun ìsọmọlórúkọ. Oyin, iyọ̀, obì, orógbó, ataare àti omi la mọ̀ níbẹ̀. Àmọ́ ó ti di àṣà àwọn ilé kan láti ra ẹyọ kan tàbí díẹ̀ pamọ́ fún ọmọ tó ń jẹ́ ẹ. Ohun tí wọ́n ń tà lọ́jà ní orúkọ ṣẹ̀gi, púpọ̀ nínú rẹ̀ jẹ́ gíláàsì tuntun láti India tàbí China, tàbí ike lásán. Bí mo ṣe ń wò ó nìyí.

Mo máa kọ́kọ́ gbé e kan ètè. Gíláàsì á tutù, kò sì ní tètè gba ooru ara. Ike kì í tutù bẹ́ẹ̀, ó sì fúyẹ́. Lẹ́yìn èyí, màá gbé e dojú kọ oòrùn. Ìdánwò tí mo gbẹ́kẹ̀ lé jù nìyí. Ọ̀pọ̀ ṣẹ̀gi àtijọ́ tó jẹ́ àwọ̀ aró lórí tábìlì máa ń yí sí àwọ̀ ewé nígbà tí ìmọ́lẹ̀ bá gba inú rẹ̀ kọjá sí yín. Gíláàsì búlúù òde òní, aró ni níwájú, aró ni lẹ́yìn. Iná gílóòbù kékeré kò tó fún èyí. Ẹ lo oòrùn tàbí tọ́ọ̀ṣì tó mọ́lẹ̀ funfun, ẹ sì wo etí ìlẹ̀kẹ̀ níbi tó ti fẹ́lẹ́ jù.

Awò tó ń sọ nǹkan di ńlá ní ìlọ́po 10 ló kàn. Ẹ wo atẹ́gùn inú rẹ̀ bóyá ó gùn ní ìdọ́gba pẹ̀lú ihò. Ẹ wo ẹnu ihò: ti àtijọ́ á ti jẹ, okùn ọ̀pọ̀ ọdún ti gbẹ́ ẹ, kò ní rí bákan náà yípo. Ara rẹ̀ á ní kòtò tín-ín-tìn-ìn-tín tí ilẹ̀ jẹ sí i. Bí ẹ bá rí ìlà tẹ́ẹ́rẹ́ tó gba ẹ̀gbẹ́ rẹ̀ láti òkè dé ìsàlẹ̀, inú mọ́ọ̀dù ló ti jáde, ẹ gbé e padà. Ẹni tó bá ní kí òun fi abẹ́rẹ́ gbígbóná dán an wò, ẹ má gbà fún un. Abẹ́rẹ́ yẹn á fi ike hàn lóòótọ́, àmọ́ ó lè dá gíláàsì àtijọ́ sán, irú rẹ̀ kò sì ní padà.

Bó bá jẹ́ iyùn lẹ ń rà fún Iyùnadé, ìdánwò rẹ̀ yàtọ̀. Ẹ fi òwú tí ẹ rì sínú oje tí wọ́n fi ń pa ọ̀dà èékánná rẹ́ nu ibi tó fara sin. Bí pupa bá lẹ̀ mọ́ òwú, wọ́n pa á láró ni. Ọtí kíkan á hó lórí iyùn gidi, ìdí sì nìyẹn tí ẹ kò fi gbọdọ̀ dà á sí i: bó ṣe ń hó ló ń jẹ ẹ́. Lọ́fínńdà àti òógùn náà ń bà á jẹ́ díẹ̀díẹ̀. Aṣọ rírọ̀ tó lómi díẹ̀ ni kí ẹ fi nù ún lẹ́yìn ìnáwó, kí ẹ tó kó o pamọ́. Ẹ má kó iyùn àti ṣẹ̀gi sínú àpò kan náà, torí gíláàsì le ju iyùn lọ, á ha á lára.

Ṣẹ̀gi tí wọ́n wú nínú ilẹ̀, ohun ìṣẹ̀ǹbáyé ni lójú òfin. Òfin 77 ti ọdún 1979 ló dá àjọ tó ń bójú tó ilé ìṣẹ̀ǹbáyé sílẹ̀, kò sì sí ẹni tó gbọdọ̀ gbé ohun ìṣẹ̀ǹbáyé jáde ní Nàìjíríà láìgba ìwé àṣẹ lọ́wọ́ wọn. Nítorí náà bí ọmọ bá wà ní London tàbí Houston, ẹ má ki ṣẹ̀gi àtijọ́ bọ inú ẹrù gàrí fi ránṣẹ́. Ẹ ra ìlẹ̀kẹ̀ tuntun tó dára, kí ẹ sọ fún ọmọ pé tuntun ni. Àwọn Màságá, ẹgbẹ́ oníṣẹ́ gíláàsì ní Bida, ṣì ń yọ́ ìgò àtijọ́ ṣe ìlẹ̀kẹ̀, àwọn Krobo ní Gánà náà ń lọ gíláàsì kúnná ṣe tiwọn. Méjèèjì lẹ́wà, méjèèjì kì í sì í ṣe ohun ìṣẹ̀ǹbáyé.

Ọmọ tí kò tíì pé ọdún 3 kò gbọdọ̀ wọ ìlẹ̀kẹ̀ yìí sọ́rùn, ì báà jẹ́ fún fọ́tò. Okùn á já, ọmọ á gbé e mì. Ẹ tọ́jú rẹ̀ sínú àpò aṣọ rírọ̀ títí yóò fi dàgbà. Nígbà tí ẹ bá fẹ́ tò ó, ẹ má lo òwú ìránṣọ, torí ẹnu ihò ìlẹ̀kẹ̀ àtijọ́ mú, á gé e. Okùn ọ̀rá tí wọ́n hun, kì í ṣe ti ìpẹja tó le gbagidi, ni kí ẹ lò. Ẹ ta kókó sáàárín ẹyọ kan àti èkejì kí wọ́n má baà máa gbá ara wọn, bí okùn bá sì já, ẹyọ kan ṣoṣo ló máa bọ́. Fún ẹ̀gbà ọrùn tó gùn ní sẹ̀ǹtímítà 45, ẹ gé okùn tó tó 90, torí kókó máa ń jẹ okùn púpọ̀. Ẹ tú u wò lọ́dọọdún níbi ìdè rẹ̀; ibẹ̀ ló máa ń kọ́kọ́ gbó.